Ohùn Tí Mo Fi Sí Ẹnu Ọ̀gá Mi

Ní ọjọ́ Àìkú kan, lẹ́yìn ìsìn, a ṣì ń wá bàtà wa lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì nígbà tí Ìyá Tèmítọ́pẹ́ fà mí ní apá aṣọ.

"Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi bá ọmọ yìí sọ̀rọ̀. Ó ti lo ọdún méjì ní yunifásítì, ó wá ní òun ò ka ìwé òfin mọ́. Ó ní fíìmù lòun fẹ́ẹ́ máa kọ."

Tèmítọ́pẹ́ fúnra rẹ̀ dúró sẹ́yìn ìyá rẹ̀, ó ń ṣe bí ẹni tó ń ka nǹkan lórí fóònù. Ó gbójú sókè. "Grandpa, ẹ̀yin náà ṣe é, àbí?"

"Mo ṣe é."

"Ṣé ó dáa?"

Ìyá rẹ̀ ń wò mí, òun náà ń wò mí, èmi sì di ẹsẹ̀ bàtà kan ṣoṣo mú. Mo ní kí wọ́n fún mi ní ọjọ́ díẹ̀, kí n kọ ọ́ sílẹ̀. Ohun tí mo ń kọ nìyí, fún òun àti fún àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ tí wọ́n ń ro irú iṣẹ́ tí wọn yóò fi ayé wọn ṣe. Orí tábìlì ìjẹun ọmọ mi obìnrin ni mo ti ń kọ ọ́, níbí ní Upney, ní ìlú òyìnbó, tí ọkọ̀ ojú irin ń kọjá lẹ́yìn ilé. Ẹ ní sùúrù fún mi. Ẹni tó ń fa okùn láti inú kànga jíjìn kì í kánjú.

Iṣẹ́ mi ni kíkọ ọ̀rọ̀ sí ẹnu òṣèré. Bí ẹ bá ń wo fíìmù Yorùbá, tí ọkọ kan sọ ohun tó pa yín lẹ́rìn-ín, tàbí tí ìyá kan sọ ohun tó lé omi sí yín lójú, ẹnì kan ti jókòó síbì kan kọ ọ́. Èmi ni ẹni bẹ́ẹ̀ fún ohun tó lé ní ogójì ọdún.

Bí mo ṣe wọ iṣẹ́ náà kò gùn. Ẹgbẹ́ eré Ọ̀gá Ọlátẹ́jú wá ṣeré ní ìlú wa, mo tẹ̀lé wọn padà sí Òṣogbo. Bàbá mi kò bá mi sọ̀rọ̀ fún odidi ọdún kan. Ohun tí wọ́n ń san fún mi, ẹ má wulẹ̀ béèrè.

Ọ̀gá Ọlátẹ́jú kò mọ̀wé kà, ṣùgbọ́n ohun tó bá wọ etí rẹ̀ kì í jáde mọ́. Kí n tó dé, ẹgbẹ́ náà kò ní eré kan tí a kọ sínú ìwé. Òwúrọ̀ ni Ọ̀gá máa ń kó wọn jọ, á sọ ìtàn fún wọn, á pín in: "Ìwọ ni ọkọ, ìwọ ni ìyàwó, ẹ̀ ń jà lórí ilẹ̀ ìdílé. Ó yá." Oníkálukú ni yóò wá ọ̀rọ̀ tirẹ̀ lórí ìtàgé. Bí ọ̀rọ̀ bá dùn, wọ́n á fà á gùn, àwọn èrò á máa pàtẹ́wọ́. Ṣùgbọ́n Ọ̀gá ti ń gbọ́ pé fíìmù ń bọ̀, ó sì ti mọ̀ pé kámẹ́rà kì í dúró de ẹni tí ọ̀rọ̀ bá dùn mọ́ lẹ́nu. Ìdí nìyẹn tó fi wá ọmọ tó mọ ìwé.

"Akọ̀wé," ló wí. Orúkọ tó fún mi nìyẹn, òun ni mo sì ń jẹ́ títí dòní. "O ò ní kọ nǹkan kan fún ọdún kan. Etí lo máa kọ́kọ́ kọ́."

Kóòtù ìbílẹ̀ ló rán mi lọ. Lójoojúmọ́ ni mo ń jókòó síbẹ̀, tí mo ń gbọ́ ẹjọ́ àwọn lọ́kọláya. Bí mo bá dé ní ìrọ̀lẹ́, Ọ̀gá á ní kí n sọ gbogbo rẹ̀, ohùn ọkọ ní ohùn ọkọ, ohùn ìyàwó ní ohùn ìyàwó. Mo rántí obìnrin kan tó wí fún adájọ́ pé, "Olúwa mi, ọkùnrin yìí kì í sọ̀rọ̀ nílé. Á wọlé, á jẹun, á nu ẹnu, á sùn." Ọkọ dáhùn pé, "Ẹ bi í léèrè bóyá ó fi àlàfo sílẹ̀ rí tí èèyàn lè ki ọ̀rọ̀ bọ̀." Adájọ́ pàápàá fi ìwé bojú rẹ́rìn-ín. Mo sọ èyí fún Ọ̀gá, mo rò pé yóò rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ṣé ọkùnrin náà mí kanlẹ̀ kó tó sọ ọ́, àbí ó dáhùn lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀?" Mo ní n kò kíyè sí i. Ìyẹn ni kò jẹ́ kí n rí oúnjẹ jẹ lálẹ́ ọjọ́ náà.

Báyìí ni mo ṣe di ẹni tó lè sín ẹnikẹ́ni jẹ. Ohùn Ọ̀gá fúnra rẹ̀ ni mo mọ̀ jù. Bí kò bá sí nílé, àwọn ẹgbẹ́ á ní, "Akọ̀wé, pe Ọ̀gá fún wa," èmi náà á sì máa fi ohùn rẹ̀ bú wọn. Ọjọ́ kan, ó ká mi mọ́ ọn. Ó ní, "Ó dáa bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n má jẹ́ kí ìyá mi gbọ́ ọ o. Á gbé oúnjẹ mi fún ọ."

Ní ọdún kejì, mo kọ ojú ìwé àkọ́kọ́. Ìyàwó kan ká ọkọ rẹ̀ mọ́ ilé obìnrin míì, mo sì fi èyí sí i lẹ́nu: "Ìwọ ọ̀dàlẹ̀ ènìyàn, ìwà ibi rẹ ti hàn gbangba níwájú gbogbo ayé!" Inú mi dùn sí i púpọ̀.

Ọ̀gá ní, "Ta ló ń sọ èyí?"

"Ìyàwó ni, sà."

"Ìyàwó ta? Ìyàwó bíṣọ́ọ̀bù?"

Ó fà mí lọ sọ́dọ̀ Bàbá Káfíńtà tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé wa, ó ní kí n kà á. Mo ń kà, Bàbá Káfíńtà ń fá pákó rẹ̀ lọ, kò wẹ̀yìn. Ọ̀gá ní, "O rí i? Ọ̀rọ̀ tí kò bá dá ọwọ́ rẹ̀ dúró, ya á." Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í ya ìwé nìyẹn. Mo ya títí. Lọ́jọ́ tí mo kọ ọ́ pé ìyàwó náà wọlé, ó wo ọkọ rẹ̀, ó ní, "Ṣé wọ́n ti fún ọ lóúnjẹ níbí, àbí kí n gbé tìrẹ wá?", Bàbá Káfíńtà gbé ọwọ́ sókè, ó ní, "Kí ni ọkọ wá sọ?"

Ọ̀gá kò yìn mí. Ó kàn ní, "Fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀."

Ìyàwó Ọ̀gá náà kọ́ mi níṣẹ́. Ìyá Bùkọ́lá là ń pè é, òun ni olórí àwọn obìnrin inú eré wa. Òun ló kọ́ mi pé bí inú bá bí obìnrin gan-an, ohùn rẹ̀ máa ń wálẹ̀ ni. Láràárọ̀ ni ó ń kí ọkọ rẹ̀ bí ó bá ń gbé omi ìwẹ̀ fún un, á máa kì í ní oríkì ilé bàbá ọkọ náà, ti Ọ̀pómúléró, láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Ògiri kan ló wà láàárín wa. N kò mọ ìgbà tí mo mọ oríkì náà sórí, àfi bí ẹni tí òjò pa láìmọ̀.

Nígbà tí fíìmù dé, ojú rí nǹkan. Àwọn àgbà òṣèré wa ti fi ogún ọdún ké sí ẹni tó jókòó sẹ́yìn gbọ̀ngàn, wọn kò mọ̀ pé ẹ̀rọ tó ń gba ohùn ń gbọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. Ní ọjọ́ àkọ́kọ́, Bàbá Súlè pariwo "Ta ló wà níbẹ̀!", òyìnbó tó ń gba ohùn já nǹkan etí rẹ̀ sílẹ̀, ó di orí mú. Wọ́n wá fi ẹ̀rọ ohùn pamọ́ sáàárín òkìtì iṣu, wọ́n ní kí Bàbá Súlè má wò ó. Ṣebí ó gbọ́. Gbogbo ọ̀rọ̀ tó yẹ kó bá ìyàwó rẹ̀ sọ, iṣu ló ń bá sọ ọ́. Ọ̀gá ní, "Súlè, ṣé ìwọ àti iṣu yìí ti jọ ń fẹ́ra tipẹ́ ni?" Ẹ̀rín kò jẹ́ ká ṣiṣẹ́ mọ́. Èmi ni mo ní láti tún gbogbo ọ̀rọ̀ kọ, kí n gé e kúrú, kí n mú un wálẹ̀. Ohun tí etí lè gbọ́ nítòsí yàtọ̀ sí ohun tí a ń ké sí ọ̀nà jíjìn.

Ibí ni ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ẹ́ sọ gan-an wà.

Fíìmù kejì tí a ṣe, ti ọdẹ kan ni. Ó lọ sí oko jíjìn, nígbà tó fi máa padà, ìyá rẹ̀ ti kú. Ọ̀gá ló ń ṣe ọdẹ náà. Ìtàn ara rẹ̀ ni. Ìyá Ọ̀gá, ọmọ bíbí Ọ̀fà, kú nígbà tí a wà lẹ́nu ìrìn àjò eré, wọ́n sì ti sin ín kí a tó dé. Ọ̀gá kò sọ nǹkan kan nípa rẹ̀ fún oṣù bíi mélòó kan. Nígbà tí mo wá kọ eré náà dé ibi tí ọdẹ ti bá òkú ìyá rẹ̀, Ọ̀gá ní, "Ibí yìí, má kọ nǹkan kan. Ẹkún ìyá ẹni, a kì í bẹ akọ̀wé sí i."

Mo fi ojú ìwé náà sílẹ̀ ní òfìfo.

Ní ọjọ́ tí wọ́n ya apá náà, Ọ̀gá lé gbogbo ẹgbẹ́ jáde nínú ilé. Kò fẹ́ kí a rí òun. Òyìnbó tó ń ya àwòrán, òyìnbó tó ń gba ohùn, àti Ìyá Bùkọ́lá tó ṣe aládùúgbò tó jókòó ti òkú, àwọn nìkan ló kù. Èmi, wọ́n ti rán mi lọ sí Iléṣà láti lọ wá bẹ́líìtì jẹnẹrétọ̀. Nígbà tí mo dé, iṣẹ́ ti parí. Ìyá Bùkọ́lá jókòó sábẹ́ igi, ó ń fi etí ìró nu ojú.

"Màmá, kí ni Ọ̀gá sọ?"

"Má bi mí, Akọ̀wé. Ọ̀rọ̀ yẹn kì í ṣe ohun tí mo lè tún sọ. Bí fíìmù bá dé, wàá gbọ́ ọ."

Ìgbà ọyẹ́ ọdún náà kò tíì parí tí àìsàn fi mú Ọ̀gá. Kò pẹ́ rárá. Ó kú ní ọjọ́ Ẹtì kan, kó tó rí fíìmù náà.

Ní ayé ìgbà náà, ìlú òyìnbó ni wọ́n ti ń fọ fíìmù tí wọ́n sì ti ń so ohùn mọ́ àwòrán. Àwòrán ti lọ ṣáájú nínú ọkọ̀ òfurufú. Èmi ni Ìyá Bùkọ́lá gbé téèpù ohùn lé lọ́wọ́. Ó fi aṣọ òkè Ọ̀gá wé e, ó dì í mú fún ìgbà díẹ̀ kó tó gbé e fún mi. Ó ní, "Ohùn rẹ̀ ló kù. Tọ́jú ẹ̀ fún mi."

Ẹ̀gbọ́n mi ń gbé ní Peckham, ní ìlú òyìnbó níbí, nígbà náà. Ó ti kọ lẹ́tà sí mi pé kí n má wá lọ́wọ́ òfo, pé ó ti pẹ́ tí òun ti jẹ ọbẹ̀ tó ní epo gidi. Ẹ̀yin tí ẹ dàgbà síbí, ẹ kò mọ̀ bí nǹkan ṣe rí: kò sí ṣọ́ọ̀bù tí ẹ ó yà sí ra epo. Mo ra kẹ́ẹ̀gì epo pupa kan, mo fi ọ̀rá wé e, mo fi okùn dì í. Àpótí kan ṣoṣo ni mo ní. Inú rẹ̀ ni mo kó gbogbo rẹ̀ sí.

Ẹ ti mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Nígbà tí mo ṣí àpótí náà nílé ẹ̀gbọ́n mi, aṣọ òkè Ọ̀gá ti di pupa. Nínú téèpù márùn-ún tí mo gbé, nǹkan kan kò ṣe mẹ́rin. Ìkarùn-ún ti mu epo dé inú. Ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi sáré gbé abọ́ wá, ó ń gbọn epo tó kù, ó ń wí pé, "Ẹ má bínú, ẹ má bínú, ó ṣì kù díẹ̀ tí a lè fi se ọbẹ̀." Inú ìkarùn-ún ni ẹkún Ọ̀gá wà.

Bàbá òyìnbó kan ló ń tọ́jú ohùn ní ibi tí wọ́n ti ń fọ fíìmù náà. Ó gbé téèpù náà sókè sí iná, ó gbóòórùn rẹ̀, ó bi mí bóyá oúnjẹ ni. Ó nù ún títí. Ohun tó jáde nínú rẹ̀ dà bí ẹni tó ń yan ẹ̀gúsí lórí iná. Lẹ́yìn náà ó ní kí n pe ọkùnrin inú àwòrán náà kó wá tún un sọ. Mo ní ó ti kú. Ó ní ṣé ó wà nínú ìwé eré. Mo ṣí ojú ìwé òfìfo yẹn hàn án.

Ohun tó yẹ kí n ṣe kò le. Kí n kọ lẹ́tà sí Ìyá Bùkọ́lá, kí n sọ ohun tí mo ṣe, kí n ní kó kọ ọ̀rọ̀ Ọ̀gá ránṣẹ́. Á gba ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Ṣùgbọ́n lẹ́tà náà ní láti ní ọ̀rọ̀ náà "epo" nínú. Mo jókòó tì í, mo kọ "Màmá mi ọ̀wọ́n", n kò lè kọ ohun tó tẹ̀lé e. Èmi tí mo ń kọ ọ̀rọ̀ sí gbogbo ayé lẹ́nu.

Ní ọjọ́ kẹta, mo sọ fún bàbá òyìnbó náà pé èmi lè ṣe ohùn náà.

Nínú àwòrán, Ọ̀gá tẹ orí ba lórí òkú náà, irùngbọ̀n bo ètè rẹ̀ dé ìdajì. Ó kàn hàn pé ó ń kì í ni. Mo mọ̀ pé ará Ọ̀fà ni ìyá náà. Mo mọ̀ ọ́n, n kò ní purọ́ fún yín. Ṣùgbọ́n oríkì Ọ̀fà tí mo mọ̀ kò ju ohun tí gbogbo ayé mọ̀, pé ọmọ ìjàkadì ni wọ́n, kò sì lè kún àyè náà. Ti Ọ̀pómúléró nìkan ni mo mọ̀ délẹ̀. Mo sọ fún ara mi pé obìnrin tó bímọ sílé ọkọ, tó darúgbó síbẹ̀, ilé ọkọ ti di ilé rẹ̀. Mo wọ ohùn Ọ̀gá bí ẹni wọ ẹ̀wù, mo sì kì ìyá rẹ̀ ní oríkì ilé ọkọ. Bàbá òyìnbó náà nu ojú nígbà tí mo parí. Ó ní òun kò gbọ́ ẹkún bẹ́ẹ̀ rí.

Ìyá Bùkọ́lá ló ní Ọ̀fà ni a ó ti kọ́kọ́ fi fíìmù náà hàn, nítorí ìyá Ọ̀gá. Àwọn ìbátan ìyá rẹ̀ kún gbọ̀ngàn náà. Wọ́n ti gbọ́ pé ọmọ wọn sunkún ìyá rẹ̀, wọ́n wá gbọ́ ọ. Ẹ̀gbọ́n ìyá náà tó ṣì wà láyé, arúgbó kan tó ń fi ọ̀pá rìn, jókòó síwájú pátápátá. Èmi dúró ti ẹ̀rọ lẹ́yìn.

Nígbà tí ohùn náà bẹ̀rẹ̀, àwọn obìnrin kígbe ẹkún. Ó ku díẹ̀, ẹkún náà bẹ̀rẹ̀ sí í dín kù. Ó dákẹ́. Bàbá arúgbó náà dìde.

"Ẹ dá ẹ̀rọ yín dúró."

Mo dá a dúró.

"Ṣé àbúrò mi ò nílé ni? Ṣé orí omi la ti he é? Ọmọ tó bí, tí a gbé jó, òkú ìyá rẹ̀ ló nà sílẹ̀ yẹn, ilé ọkọ lọmọ ń kì?"

Ìyá Bùkọ́lá sáré bọ́ síwájú, ó kúnlẹ̀. "Bàbá, kì í ṣe ohun tó sọ nìyẹn! Mo wà níbẹ̀. Ọ̀fà ló kì. Etí mi báyìí ló gbọ́ ọ."

"Ìyàwó, ohùn ta ni mo gbọ́ yẹn?"

"Ohùn rẹ̀ ni, ṣùgbọ́n..."

"Ẹnu ta ló ti jáde?"

Ìyá Bùkọ́lá yíjú sẹ́yìn. Gbogbo gbọ̀ngàn yíjú. "Akọ̀wé, ìwọ lo gbé téèpù lọ. Sọ fún wọn!"

Tèmítọ́pẹ́, gbogbo ọ̀rọ̀ tí mo ti kọ láyé, mo lè gbàgbé wọn. Èyí tí mo sọ lọ́jọ́ náà, n kò lè gbàgbé. Mo ní, "Màmá, ohun tó wà nínú téèpù nìyẹn."

Wọ́n dìde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, wọ́n jáde. Wọn kò bú ẹnikẹ́ni. Nígbà tí a ṣe ìrántí ọdún kan Ọ̀gá, kò sí ẹnì kan láti Ọ̀fà. Àwọn ọmọ rẹ̀ tí wọ́n máa ń lọ lo ìsinmi lọ́dọ̀ ìdílé ìyá bàbá wọn, àwọn ará Ọ̀fà kò ránṣẹ́ pè wọ́n mọ́. Ìyá Bùkọ́lá fi eré sílẹ̀, ó ń ta aṣọ. Kò bá mi jà. Ó kàn yọ mí kúrò nínú àwọn tó ń kí.

Iṣẹ́ ń lọ ní tirẹ̀. Fídíò dé, fíìmù gidi kú. Àwọn tó ń ṣe fídíò á tẹ̀ mí láago ní ọjọ́ Ajé, wọ́n fẹ́ ìtàn ní ọjọ́ Ẹtì, apá kìíní àti ìkejì. Ẹ̀rọ ìtẹ̀wé mi ya, mo ra kọ̀mpútà, èyí pẹ̀lú ya. Nígbà tó yá, àwọn ọmọdé ń fi àtàǹpàkò méjì kọ eré lórí fóònù, iṣẹ́ wọn sì ń dáa. Mo kọ igbe, mo kọ ẹ̀rín, mo kọ ìjà orogún. Ṣùgbọ́n n kò kọ oríkì òkú mọ́. Bí ìtàn bá dé ibẹ̀, mo máa ń kọ ọ́ pé: ẹ wá ẹbí òkú kó kì í. Wọ́n rò pé ọgbọ́n iṣẹ́ ni.

Ìyàwó mi kú, ọmọ mi ní kí n wá máa gbé lọ́dọ̀ òun. Ọdún kẹta tí mo débí ni Bùkọ́lá, ọmọ Ọ̀gá, tẹ̀ mí láago. Nọ́ọ̀sì ni, Becontree Heath tó wà nítòsí wa níbí ló ń gbé. "Bọ̀dá Akọ̀wé, àwọn kan tó ń tọ́jú fíìmù àtijọ́ rí ti Dádì. Wọ́n ń gbé e sórí kọ̀mpútà, wọ́n ń tún ohùn rẹ̀ ṣe. Wọ́n ní ṣé ẹ ní ohun tí ẹ fẹ́ kí wọ́n mọ̀." Ó tún ní, "Mọ́mì wà lọ́dọ̀ mi o. Láti bí ọdún márùn-ún."

Fún ọdún mẹ́ta, bọ́ọ̀sì kan ṣoṣo ló wà láàárín èmi àti obìnrin náà.

Mo lọ ní ọ̀sán ọjọ́ Àbámẹ́ta. Ó jókòó lẹ́bàá fèrèsé, ó fi búláńkẹ́ẹ̀tì bo ẹsẹ̀, ó ti kéré.

"Ta nìyẹn?"

Mo dọ̀bálẹ̀ bí orúnkún mi ṣe gbà mí láàyè mọ. "Èmi ni, Màmá. Akọ̀wé."

"Akọ̀wé ti kú."

"Kò tíì kú, mà."

"Ẹ̀n-ẹ́n. Ó wá pẹ́ láyé o."

Mo sọ ọ́ fún un ní orí ìdọ̀bálẹ̀. Àpótí, kẹ́ẹ̀gì, téèpù, ohùn mi. Bùkọ́lá dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, ó fi ọwọ́ bo ẹnu.

"Epo?" ni Ìyá wí.

"Epo, mà."

"Epo pupa? Èyí tí a fi ń se ọbẹ̀?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

Ó rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà pẹ́, a ò mọ ìgbà tó di nǹkan míì. "Ṣé o mọ ohun tí o ṣe fún mi? Mo wà níbẹ̀. Mo gbọ́ ọ. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹ̀rọ sọ tirẹ̀, tí ìwọ náà sọ tìrẹ, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ro ó pé bóyá ìbànújẹ́ ló dí mi létí. Mo bínú sí ọkọ mi nínú sàréè, Akọ̀wé. Mo bi í léèrè ìdí tó fi ṣe bẹ́ẹ̀ sí ìyá rẹ̀. Ọdún mélòó! Àwọn tí mo lè lọ bá l'Ọ́fà, wọ́n ti kú tán."

Mo ní, "Màmá, ẹ wí i fún mi. Ẹ kì ìyá rẹ̀ bí Ọ̀gá ṣe kì í. Wọ́n lè fi sí i báyìí. Kò tíì pẹ́ jù."

Bùkọ́lá gbé fóònù rẹ̀ wá láti gba ohùn ìyá rẹ̀. Ìyá di ojú. Ó bẹ̀rẹ̀. Ó pe ìyá ọkọ rẹ̀ ní ọmọ Ọ̀fà, ohùn rẹ̀ sì ròkè bí ìgbà tó wà lórí ìtàgé. Ó sọ gbólóhùn kan, ó sọ èkejì. Ó dúró, ó ń wá ẹ̀kẹta. Ohun tó jáde lẹ́nu rẹ̀ ni òpó, àti ilé, àti aṣọ, ọ̀rọ̀ Ọ̀pómúléró. Ó padà sí ìbẹ̀rẹ̀. Ibẹ̀ náà ló tún já sí.

Ó la ojú. "Tìrẹ ni," ló wí. "Tìrẹ ló wà níbẹ̀. Ti ọkọ mi ti lọ."

Wọ́n máa ń wí pé ẹni tó ṣu ló ń gbàgbé, ẹni tó kó o kì í gbàgbé. Tiwa yí padà.

Bùkọ́lá ní, "Mọ́mì, a lè wá ẹni tó mọ oríkì Ọ̀fà dáadáa. Wọ́n pọ̀ lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Ká ní kó bá wa..."

"Ẹlòmíì lẹ tún fẹ́ẹ́ fi sí i lẹ́nu?" Ìyá kò pariwo. Ohùn rẹ̀ wálẹ̀ ni. "Ẹ yọ ti ọkùnrin yìí kúrò. Ẹ má fi nǹkan kan dípò. Ẹ fi ẹnu ọkọ mi sílẹ̀."

Tèmítọ́pẹ́, n kò ní kọ̀ fún ọ, n kò sì ní tì ọ́. Iṣẹ́ náà dùn. Ọjọ́ tí Bàbá Káfíńtà gbé ọwọ́ kúrò lórí pákó, inú mi dùn ju ọjọ́ ìgbéyàwó mi lọ. Ṣùgbọ́n ìwọ lo máa wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí ojú ìwé bá ṣófo, tí gbogbo èèyàn ń wò ọ́ pé kí o kún un. Bí o bá mọ̀ pé o lè fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀, sọ fún ìyá rẹ pé mo ní kó jẹ́ kí o lọ.

Ní nǹkan bí oṣù kan lẹ́yìn ọjọ́ tí mo lọ rí Ìyá, Bùkọ́lá pè mí pé wọ́n ti ṣe é tán. Mo padà sí Becontree Heath. Ìyá kò kí mi, ṣùgbọ́n ó na ìka sí àga. Mo jókòó. Nígbà tí ọdẹ náà wọlé bá òkú ìyá rẹ̀, gbogbo ohùn kúrò nínú tẹlifíṣọ̀n. A ń gbọ́ ọkọ̀ lójú títì. Ọ̀gá mi tẹrí ba, ètè rẹ̀ ń mì lábẹ́ irùngbọ̀n, èjìká rẹ̀ ń dìde, ó ń wálẹ̀.

"Tún fi í hàn," ni Ìyá wí fún ọmọ rẹ̀.

Bùkọ́lá tún fi í hàn.

"Tún fi í hàn."

Ní ìgbà kẹta, mo ṣèèṣì wo ojú Ìyá. Ètè tirẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í mì pẹ̀lú ti ọkọ rẹ̀, láìsí ohùn kankan, wọ́n jọ ń lọ, wọ́n jọ ń dúró. N kò béèrè ohun tó ń sọ.